Inú ń yọ yín lẹ́nu, àyẹ̀wò ò rí nǹkan: ibi tó yẹ kẹ́ ẹ ti bẹ̀rẹ̀

Ọ̀pọ̀ èèyàn ló wà n'Ibàdàn tí inú ti ń dà láàmú láti ọdún pípẹ́. Wọ́n ti lo oògùn táífọ́ọ̀dù kan tẹ̀ lé òmíràn, wọ́n ti mu àgbo jẹ̀díjẹ̀dí, wọ́n ti lo oògùn aràn, wọ́n tún gbààwẹ̀ sí i. Nígbà tí wọ́n wá ríbi ṣe àyẹ̀wò tó yanjú, dókítà wo ìwé rẹ̀ títí, ó ní kò sí nǹkan. Kí wọ́n tó wọkọ̀ dé Mọ́kọ́lá, inú tún ti bẹ̀rẹ̀ sí í lọ́ wọn.

Nǹkan wà. Ọgbẹ́, kókó, kòkòrò àti ẹ̀jẹ̀ ni ọ̀pọ̀ àyẹ̀wò ń wá. Inú lè má ní ọ̀kankan nínú wọn, kó jẹ́ pé ọ̀nà tí ìfun àti ọpọlọ ń gbà ránṣẹ́ síra wọn ló dàrú. Ìrora gidi ni, ẹni tó ń ṣe kì í ṣe ọ̀lẹ, kì í sì í ṣe ẹlẹ́tàn. Ìlànà tí àwọn dókítà inú ń lò káàkiri ayé, Rome IV, tó jáde ní 2016, ka irú àìsàn báyìí sí ti àjọṣe ìfun àti ọpọlọ. Ó sì wọ́pọ̀ ju bí a ṣe rò lọ. Nínú ìwádìí ńlá kan tó jáde ní 2021, tó kárí orílẹ̀-èdè 33, ó lé ní 40 nínú ọgọ́rùn-ún àwọn tí wọ́n bi léèrè lórí íntánẹ́ẹ̀tì tó ní irú rẹ̀ kan tàbí òmíràn.

Mo máa to ohun tó yẹ ní ṣíṣe bó ṣe yẹ kó tẹ̀ léra. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má fo ìgbésẹ̀ kìn-ín-ní.

Ohun tó ń ṣẹlẹ̀ nínú ikùn

Ìfun ní ètò iṣan ìmọ̀lára tirẹ̀. Àwọn sẹ́ẹ̀lì iṣan tó wà lára ògiri rẹ̀ lé ní mílíọ̀nù 100, wọ́n sì lè darí bí oúnjẹ ṣe ń rìn láìdúró de àṣẹ ọpọlọ. Iṣan gígùn kan tó ń jẹ́ vagus tún gba inú ọrùn sọ̀ kalẹ̀ láti ìdí ọpọlọ dé inú ikùn. Nǹkan bí 80 nínú ọgọ́rùn-ún okùn tó wà nínú iṣan yìí ló ń gbé ìròyìn láti inú lọ sókè. Ìwọ̀nba tó kù ló ń gbé àṣẹ wá sísàlẹ̀. Serotonin, tí ọ̀pọ̀ èèyàn mọ̀ mọ́ ọ̀rọ̀ ìrẹ̀wẹ̀sì ọkàn, inú ìfun ni ara ti ń ṣe nǹkan bí 90 nínú ọgọ́rùn-ún rẹ̀. Ìdí nìyẹn tí àìbalẹ̀ ọkàn fi lè sọ ìgbẹ́ di omi, tí inú tó ń wú lójoojúmọ́ náà sì lè mú kí èèyàn máa bẹ̀rù, kó má rí oorun sùn.

Ní 1822, ìbọn ba ọkùnrin kan, Alexis St. Martin, níkùn ní Amẹ́ríkà. Ó yè é, ṣùgbọ́n ihò ojú ọgbẹ́ náà kò dí mọ́. William Beaumont, dókítà ológun tó tọ́jú rẹ̀, gba ojú ihò yẹn wo bí àpòlúkù ṣe ń da oúnjẹ, ó sì tẹ ohun tó rí jáde ní 1833. Lára rẹ̀ ni pé nígbà tí inú bá bí ọkùnrin yìí tàbí tí ẹ̀rù bá bà á, ara àpòlúkù rẹ̀ máa ń yí padà, oúnjẹ kì í sì í dà bó ṣe yẹ. Ojú ni wọ́n fi rí i, kì í ṣe ìtàn àtẹnudẹ́nu.

Ohun kejì tó yẹ kẹ́ ẹ mọ̀ ni pé àìsàn yìí sábà máa ń bẹ̀rẹ̀ lẹ́yìn àìsàn inú gidi. Tí èèyàn mẹ́wàá bá ṣe ìgbẹ́ gbuuru líle tí kòkòrò fà, nǹkan bí ẹnì kan nínú wọn ni inú rẹ̀ kì í padà sípò fún oṣù tàbí ọdún. Kòkòrò ti lọ, ṣùgbọ́n iṣan inú ṣì wà lójúfò, bí ajá tí olè ti wọlé tì rí, tó wá ń gbó gbogbo ẹni tó bá ń kọjá. Afẹ́fẹ́ kékeré tí inú ẹlòmíràn ò ní mọ̀ pé ó wà ni inú tiyín máa kà sí ewu. Nínú àyẹ̀wò tí wọ́n ti ń fẹ́ bàlúù sínú ìfun ìsàlẹ̀, ìwọ̀n tí kò dun àwọn ẹlòmíràn rárá ló ń dun ọ̀pọ̀ àwọn tó ní àìsàn yìí.

Ìgbésẹ̀ kìn-ín-ní: ẹ wò ó bóyá nǹkan mìíràn ni

Tí ọ̀kan nínú àwọn nǹkan yìí bá wà lára yín, ilé ìwòsàn ló kàn, kì í ṣe kẹ́mísì:

- ẹ̀jẹ̀ nínú ìgbẹ́, tàbí ìgbẹ́ dúdú kirikiri (oògùn ẹ̀jẹ̀ tó ní irin náà máa ń sọ ìgbẹ́ di dúdú, ẹ sọ fún dókítà tẹ́ ẹ bá ń lò ó)
- ara tó ń rù láìjẹ́ pé ẹ dín oúnjẹ kù
- oúnjẹ tó ń há lọ́nà ọ̀fun, tàbí èébì tí kò dá
- ibà, ojú tó pọ́n rúsúrúsú, tàbí kókó tí ọwọ́ ń bà níkùn
- ẹ̀jẹ̀ tó lọ sílẹ̀ lára
- ìrora tàbí ìgbẹ́ gbuuru tó ń jí yín lójú oorun
- ìyọnu inú tó ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀ lẹ́yìn ọmọ 50 ọdún
- jẹjẹrẹ ìfun nínú ẹbí

Obìnrin tó ti lé ní 50 ọdún, tí ikùn rẹ̀ ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í wú tí kò sì lọ, kó ní kí wọ́n yẹ ilé ẹyin ọmọ (ovary) wò pẹ̀lú. Ọ̀rọ̀ yìí ká mi lára gan-an, nítorí "afẹ́fẹ́ ni" ni wọ́n sábà máa ń sọ fún àwọn ìyá wa.

Ẹni tí kò ní ọ̀kankan nínú wọn lè fọkàn balẹ̀ díẹ̀, kó máa ka ìyókù lọ.

Ìgbésẹ̀ kejì: ẹ mọ irú èyí tẹ́ ẹ ní

Méjì ló wọ́pọ̀ jù. Èyí tí wọ́n ń pè ní IBS (irritable bowel syndrome), ìsàlẹ̀ ìdodo ló ti ń jà: inú rírun ó kéré tán lẹ́ẹ̀kan lọ́sẹ̀ láàárín oṣù mẹ́ta tó kọjá, tó sì ti bẹ̀rẹ̀ láti bí oṣù mẹ́fà. Ìrora náà máa ń bá ìgbọ̀nsẹ̀ rìn. Ó lè rọlẹ̀ tàbí kó le sí i tẹ́ ẹ bá yàgbẹ́ tán, tàbí kí ìgbẹ́ yí padà, kó di líle kóróbókóró, kó di omi, tàbí kó máa ṣe méjèèjì.

Èkejì ni functional dyspepsia, òkè ìdodo ló wà. Ẹ jẹ òkèlè díẹ̀, ó ti yó yín pátápátá. Tàbí oúnjẹ jókòó sínú fún wákàtí púpọ̀. Tàbí abẹ́ àyà ń ta yín. Èyí ni ọ̀pọ̀ nínú wa ń pè ní ulcer láìjẹ́ pé ẹnikẹ́ni ti rí ọgbẹ́ kankan. Ẹnì kan lè ní méjèèjì pọ̀, ó sì wọ́pọ̀ bẹ́ẹ̀.

Ìgbésẹ̀ kẹta: àyẹ̀wò tó tó, kẹ́ ẹ sì dúró níbẹ̀

Ẹ lọ sọ́dọ̀ dókítà kan, kẹ́ ẹ sì dúró tì í. UCH ní ẹ̀ka tó ń rí sí ọ̀rọ̀ inú, ṣùgbọ́n kò pọn dandan kẹ́ ẹ ti ibẹ̀ bẹ̀rẹ̀. Dókítà ilé ìwòsàn ìjọba tó súnmọ́ yín lè ṣe ìpìlẹ̀, kó sì kọ lẹ́tà tó bá yá. Àyẹ̀wò ẹ̀jẹ̀, àyẹ̀wò ìgbẹ́, àti ti HIV fún ẹni tí ìgbẹ́ gbuuru rẹ̀ ti pẹ́, àwọn yẹn ló sábà máa ń kọ́kọ́ wáyé. Fún òkè inú, ẹ bèèrè àyẹ̀wò kòkòrò H. pylori. Barry Marshall àti Robin Warren gba ẹ̀bùn Nobel ní 2005 nítorí wọ́n fi hàn pé kòkòrò yìí ló wà nídìí ọ̀pọ̀ ọgbẹ́ inú, ó sì pọ̀ gan-an nílẹ̀ wa. Èyí tí wọ́n fi ìgbẹ́ ṣe tàbí ti èémí ló dára jù, nítorí ti ẹ̀jẹ̀ ṣì lè fi kòkòrò hàn lẹ́yìn tó ti kúrò lára. Tẹ́ ẹ bá ń lo omeprazole, oògùn tó ń dín omi kíkan inú kù, ẹ fi sílẹ̀ fún ọ̀sẹ̀ méjì kẹ́ ẹ tó ṣe é, oògùn apakòkòrò (antibiotics) ní tiẹ̀ fún ọ̀sẹ̀ mẹ́rin, àìjẹ́ bẹ́ẹ̀ èsì lè ṣì yín lọ́nà.

Ọ̀rọ̀ táífọ́ọ̀dù ńkọ́? Àyẹ̀wò Widal tí wọ́n ń ṣe ní ọ̀pọ̀ láàbù máa ń fi àmì hàn lára ẹni tí kò ní táífọ́ọ̀dù rárá, pàápàá níbi tí àìsàn náà ti wọ́pọ̀ bíi tiwa. Táífọ́ọ̀dù gidi máa ń wá pẹ̀lú ibà tó ń ga lójoojúmọ́. Inú tó ń wú lẹ́yìn ẹ̀wà láti ọdún mẹ́ta sẹ́yìn, tí ara kò gbóná, kì í ṣe táífọ́ọ̀dù. Gbogbo ìgbà tẹ́ ẹ bá sì lo oògùn apakòkòrò láìnídìí, àwọn kòkòrò rere inú ìfun lẹ̀ ń pa, inú á sì tún dàrú sí i.

Ẹ wo àpò oògùn yín náà. Ibuprofen, diclofenac, piroxicam àti aspirin (ó wà nínú Alabukun) lè dá ọgbẹ́ sí inú tí kò ní tẹ́lẹ̀. Àgbo tí wọ́n fi ọtí ṣe, tí wọ́n ń tà láwọn gáréèjì, ń ta inú, àwọn kan sì ń fa ìgbẹ́ gbuuru tí èèyàn á wá máa pè ní àìsàn.

Ìgbésẹ̀ kẹrin: ìwé kékeré, fún ọ̀sẹ̀ méjì

Kí ẹ tó yọ oúnjẹ kankan kúrò, ẹ kọ ohun tó ń ṣẹlẹ̀ sílẹ̀. Kì í ṣe oúnjẹ nìkan. Báyìí ló ṣe lè rí:

*Ìṣẹ́gun. Aago 7: búrẹ́dì, ẹ̀wà, tíì oní-mílíìkì. Aago 9: inú wú, mo wà nínú máíkírà ní Ìwó Road, sún kẹẹrẹ fà kẹẹrẹ. Ìgbẹ́ rírọ̀ lẹ́ẹ̀mejì kí ó tó di ọ̀sán. Oorun àná: wákàtí mẹ́rin. Owó ilé-ìwé ọmọ kò tíì pé.*

Ẹni tó bá wo ojú ìwé yìí á rí ẹ̀wà, á rí mílíìkì, á rí búrẹ́dì, á sì rí oorun tí kò tó àti owó tí kò pé. Lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ méjì lẹ máa mọ èyí tó ń padà wá. Ìgbà mìíràn, ọjọ́ tí inú run yín jù kì í ṣe ọjọ́ tẹ́ ẹ jẹ ohun tẹ́ ẹ fura sí, ọjọ́ tẹ́ ẹ bá ọ̀gá jà ni. Tẹ́ ẹ bá padà sọ́dọ̀ dókítà, ẹ mú ìwé náà dání. Ó ṣe é lò ju kẹ́ ẹ máa sọ pé "inú ń yọ mí lẹ́nu" lọ.

Ìgbésẹ̀ karùn-ún: oúnjẹ

Nílùú àmàlà àti àbùlà, ibí yìí ni ọ̀rọ̀ ti pọ̀ jù. Àwọn ṣúgà kan wà nínú oúnjẹ tí ìfun kékeré kì í fà tán. Wọ́n á sọ̀ kalẹ̀ sínú ìfun ńlá, wọ́n á fa omi, kòkòrò inú á jẹ wọ́n, wọ́n á sì di afẹ́fẹ́. Inú gbogbo èèyàn ló ń ṣe bẹ́ẹ̀, inú tó ti wà lójúfò nìkan ló ń pariwo. Monash University ní Ọsirélíà ló gbé ètò oúnjẹ tó ń dín àwọn ṣúgà yìí kù jáde, FODMAP lorúkọ tí wọ́n ń pè wọ́n. Nínú oúnjẹ wa, ẹ̀wà, alùbọ́sà, aáyù, búrẹ́dì, mílíìkì, máńgòrò àti bàrà ló lórúkọ jù. Ìròyìn ayọ̀ ni pé iṣu, ìrẹsì, àgbàdo ọ̀gì, ọ̀gẹ̀dẹ̀ dúdú, ẹyin, ẹran àti ẹja kò sí lára wọn. Àmàlà tí wọ́n fi èlùbọ́ iṣu ro kì í sábà ṣe ọ̀daràn. Gbẹ̀gìrì tí wọ́n dà lé e lórí ni kẹ́ ẹ kọ́kọ́ fura sí. Ẹ fi ewédú àti ọbẹ̀ nìkan jẹ ẹ́ fún ọ̀sẹ̀ méjì, kẹ́ ẹ wo bí inú ṣe máa ṣe.

Kò dìgbà tẹ́ ẹ bá pa ẹ̀wà tì. Ẹ rẹ ẹ́ sómi mọ́jú, ẹ bó èèpo rẹ̀ tí agbára bá gbé e, ẹ da omi náà nù, kì í ṣe pé kẹ́ ẹ fi sè é. Ẹ sè é pẹ̀lú omi tuntun, tó bá hó fún ìṣẹ́jú mẹ́wàá, ẹ tún da omi yẹn nù kẹ́ ẹ tó sè é jinná. Ṣúgà tó ń di afẹ́fẹ́ yẹn, omi ló ń bá lọ. Ìdí nìyẹn tí àwọn kan fi ń jẹ mọ́ínmọ́ín tí wọ́n bó èèpo rẹ̀ dáadáa, tí inú wọn ò sì wú tó bí ìgbà tí wọ́n jẹ ẹ̀wà sísè.

Alùbọ́sà le díẹ̀ nítorí kò sí ọbẹ̀ tí kì í wọ̀. Ṣúgà inú rẹ̀ ń yọ́ sínú omi, kì í yọ́ sínú epo. Ẹ gé e ńláńlá, ẹ fi dín epo títí òórùn rẹ̀ á fi jáde, kẹ́ ẹ yọ gbogbo rẹ̀ kúrò kẹ́ ẹ tó da ata sí i. Adùn rẹ̀ á wà nínú ọbẹ̀. Ibi tó jẹ́ àwọ̀ ewé lára ewé alùbọ́sà náà kì í yọ ọ̀pọ̀ èèyàn lẹ́nu.

Ọ̀rọ̀ mílíìkì yàtọ̀ díẹ̀. Ìwádìí tí wọ́n tẹ̀ jáde ní 1971, tí Ọ̀jọ̀gbọ́n Olikoye Ransome-Kuti wà lára àwọn tó ṣe é, fi hàn pé ọ̀pọ̀ àgbàlagbà Yorùbá ni ara wọn kì í da ṣúgà mílíìkì mọ́, nígbà tí ti àwọn Fúlàní sàn jù bẹ́ẹ̀ lọ. Àbùdá ara ni, kì í ṣe àìsàn. Ẹ yọ mílíìkì inú tíì àti ọ̀gì fún ọ̀sẹ̀ kan, ó rọrùn láti mọ̀.

Fún àwọn tí òkè inú ń dà láàmú, ohun mẹ́ta ló ṣe kókó: ẹ dín ata kù nítorí ó ń ta iṣan tó ti ń jó tẹ́lẹ̀, ẹ dín òróró kù nítorí ó ń mú kí oúnjẹ pẹ́ nínú àpòlúkù, ẹ pín oúnjẹ sí kékeré lẹ́ẹ̀mẹrin dípò ńlá lẹ́ẹ̀mejì. Ẹni tó ṣe iṣẹ́ láti àárọ̀ láìjẹun, tó wá jókòó ti àmàlà òkèlè mẹ́wàá ní aago 9 alẹ́, tó sì sùn lé e lórí, kò yẹ kó bá inú rẹ̀ jà. Lásìkò ààwẹ̀ Ràmàdáánì náà, ẹ fi díẹ̀ ṣínu, ẹ kírun, kẹ́ ẹ tó jẹ oúnjẹ gidi.

Ìkìlọ̀ kan tí mo dì mú gan-an: yíyọ oúnjẹ púpọ̀ pọ̀ kò gbọ́dọ̀ ju ọ̀sẹ̀ mẹ́fà lọ. Lẹ́yìn ìyẹn, ẹ máa dá wọn padà lọ́kọ̀ọ̀kan, ọjọ́ mẹ́ta fún ọ̀kọ̀ọ̀kan, láti díẹ̀ sí púpọ̀, títí ẹ ó fi mọ èyí tí inú yín kọ̀ àti ìwọ̀n tó gbà. Ẹni tó bá ń bẹ̀rù gbogbo oúnjẹ á rù, ẹ̀rù náà á sì tún di másùnmáwo tuntun fún ìfun. Aboyún, ọmọdé àti ẹni tó ti rù tẹ́lẹ̀ kò gbọ́dọ̀ dá a ṣe.

Ìgbésẹ̀ kẹfà: ẹ tu iṣan náà lára

Ẹ dùbúlẹ̀, ẹ fẹ̀yìn lélẹ̀, ẹ ká orúnkún sókè. Ọwọ́ kan láyà, ọwọ́ kejì lórí ìdodo. Ẹ fa èémí gba imú, ẹ ka ení dé ẹ̀rin. Ọwọ́ tó wà lórí ìdodo ni kó gbéra, kí ti àyà má fi bẹ́ẹ̀ mì. Ẹ tú u síta díẹ̀díẹ̀ gba ẹnu, ẹ kà á dé ẹ̀fà. Ìṣẹ́jú mẹ́wàá láàárọ̀, mẹ́wàá lálẹ́, àti díẹ̀ kẹ́ ẹ tó jẹun. Iṣan vagus tí mo sọ lókè ni irú èémí yìí ń bá sọ̀rọ̀. Tó bá ti mọ́ yín lára, ẹ lè ṣe é nínú ọkọ̀ láìsí ẹni tó máa mọ̀.

Mo mẹ́nu ba ọkọ̀ nítorí ibẹ̀ ni ìyà pọ̀ sí. Ẹni tó ní IBS tó ń ti Òjóò lọ Dùgbẹ̀, ìbéèrè tó wà lọ́kàn rẹ̀ ni pé tí ìgbẹ́ bá gbọ̀n mí ní sún kẹẹrẹ fà kẹẹrẹ ńkọ́? Ọ̀pọ̀ á kọ̀ kò jẹun kí wọ́n má bàa nílò ilé ìgbọ̀nsẹ̀. Ẹ̀rù náà gan-an ló wá ń mú inú ṣiṣẹ́ ju bó ṣe yẹ. Ẹ jí ṣáájú wákàtí kan, ẹ jẹ oúnjẹ díẹ̀, kẹ́ ẹ lọ jókòó nílé ìgbọ̀nsẹ̀ lẹ́yìn bí ìṣẹ́jú ogún, nítorí oúnjẹ tó wọ àpòlúkù ló ń jí ìfun ńlá. Ẹ bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú ìrìn kúkúrú, Bódìjà sí UI bí àpẹẹrẹ, kẹ́ ẹ máa fi kún un bí ọkàn ṣe ń balẹ̀.

Ìrìn ẹsẹ̀ ọgbọ̀n ìṣẹ́jú lọ́pọ̀ ọjọ́ ń ran ìfun lọ́wọ́, oorun náà bẹ́ẹ̀. Tí àníyàn bá ti pọ̀ ju ohun tẹ́ ẹ lè dá gbé, ẹ ní kí dókítà darí yín sọ́dọ̀ onímọ̀ nípa ọkàn. Ìtọ́jú ọ̀rọ̀ ẹnu àti ti ìtura tí wọ́n dojú rẹ̀ kọ inú wà lára ohun tí ìwádìí ti fi hàn pé ó ń ṣiṣẹ́ fún IBS. Kò túmọ̀ sí pé orí yín dàrú. Ọ̀jọ̀gbọ́n Thomas Adeoye Lambo, tó dá ètò abúlé Arò sílẹ̀ l'Abẹ́òkúta ní 1954, níbi tí àwọn tó ní àrùn ọpọlọ ti ń gbé láàárín ará abúlé bí wọ́n ṣe ń gbàtọ́jú, tó sì wá ṣe ọ̀gá àgbà Yunifásítì Ìbàdàn, ti fi ojú ayé rẹ̀ hàn pé ìtọ́jú ọkàn bá ilé àti àṣà wa mu.

Ìgbésẹ̀ keje: ìgbẹ́ àti oògùn

Fún ìgbẹ́ líle, ẹ gbé ẹsẹ̀ lé àpótí kékeré tẹ́ ẹ bá jókòó sórí ṣáńgà ìgbàlódé, kí orúnkún ga ju ìdí lọ. Bí àwọn bàbá wa ṣe ń lóṣòó ni. Ẹ mu omi, ẹ jẹ ìbẹ́pẹ, ẹ fi ewébẹ̀ kún oúnjẹ díẹ̀díẹ̀, kì í ṣe lójijì. Ẹ má máa gin ara yín, ẹ má sì sọ oògùn tó ń ṣí inú di oúnjẹ.

Oògùn inú lílọ́ bíi hyoscine tàbí mebeverine wúlò lọ́jọ́ tí ìrora bá le. Loperamide ń dá ìgbẹ́ gbuuru dúró, àmọ́ kì í ṣe nígbà tí ibà tàbí ẹ̀jẹ̀ bá wà. Omeprazole fún òkè inú, ọ̀sẹ̀ mẹ́rin sí mẹ́jọ, kẹ́ ẹ sì padà jẹ́ kí dókítà yẹ̀ ẹ́ wò. Tí gbogbo èyí kò bá tó, dókítà lè kọ amitriptyline, 10 mg lálẹ́ láti bẹ̀rẹ̀. Oògùn ìrẹ̀wẹ̀sì ni tẹ́lẹ̀, ṣùgbọ́n ìwọ̀n kékeré yìí ń rọ iṣan inú. Ìwádìí kan ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì tó jáde ní 2023 rí i pé ó ran àwọn tó ní IBS lọ́wọ́ lẹ́yìn tí ìtọ́jú àkọ́kọ́ kò ṣe tó. Ẹ má dá a rà, pàápàá ẹni tó ní àìsàn ọkàn tó ń lù láyà (heart) tàbí tó ti dàgbà.

Ẹ fún ohun tẹ́ ẹ bá dáwọ́ lé ní ọ̀sẹ̀ mẹ́rin sí mẹ́jọ kẹ́ ẹ tó sọ pé kò ṣiṣẹ́, kẹ́ ẹ sì yí nǹkan kan ṣoṣo padà lẹ́ẹ̀kan. Ó máa ń lọ, ó sì máa ń padà wá díẹ̀ lásìkò ìdánwò, ìgbéyàwó, tàbí ọ̀fọ̀. Ìpadàbọ̀ bẹ́ẹ̀ kò béèrè àyẹ̀wò tuntun. Tí ohunkóhun nínú àwọn àmì ìgbésẹ̀ kìn-ín-ní bá wá yọjú, bó ti wù kó pẹ́ tó tí wọ́n ti sọ fún yín pé IBS ni, ọ̀sẹ̀ yẹn gan-an ni kẹ́ ẹ padà sọ́dọ̀ dókítà.